Kókó inú ẹ̀kọ

Ilẹ̀ ti ṣú kí n tó jókòó ti àkọsílẹ̀ tòní, nítorí pé mo tún padà wo Tillsammans, fíìmù tí Lukas Moodysson, ọmọ ilẹ̀ Swídìn, ṣe ní ọdún 2000. Ibì kan wà níbẹ̀ tí kì í kúrò lọ́kàn mi. Göran, onísùúrù ọkùnrin tó ń gbé pẹ̀lú àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ nínú ilé àjọgbé kan ní Stockholm, fi ẹ̀kọ ọ́ọ̀tì ṣe àpèjúwe wọn: lẹ́yọ lẹ́yọ, gbígbẹ ni ọkà náà, ó sì dá wà, ṣùgbọ́n bí wọ́n bá jọ hó nínú ìkòkò kan, wọ́n á dẹ̀, wọ́n á gbóná, a kò sì ní í mọ èyí yàtọ̀ sí ìyẹn mọ́. Ọ̀rọ̀ náà dùn létí, àmọ́ ẹni tó bá ti po ògì rí mọ̀ pé ó máa ń ṣù di kókó.

Àwọn ọmọdé ni kókó ibẹ̀. Elisabeth, arábìnrin Göran, kó ọmọ rẹ̀ méjì wá síbẹ̀ ní ọdún 1975 lẹ́yìn tí ọkọ rẹ̀ lù ú. Àwọn àgbà ilé náà kì í jẹ ẹran, wọn kò fẹ́ tẹlifíṣàn, àríyànjiyàn òṣèlú kì í sì í tán lẹ́nu wọn. Kódà orúkọ ogun kan ní Vietnam, Tet, ni wọ́n fi sọ ọmọkùnrin kan níbẹ̀. Tet yìí àti Stefan, ọmọ Elisabeth, wá ń ṣeré Pinochet, ọ̀gágun apàṣẹwàá ilẹ̀ Chile: ọ̀kan á máa dá èkejì lóró, wọ́n á sì gbà á ṣe fún ara wọn. Nígbà tó yá, àwọn ọmọ náà gbé pátákó, wọ́n ṣe ìwọ́de pé ẹran ni àwọn fẹ́ jẹ. Mo rẹ́rìn-ín títí, àyà mi sì já díẹ̀, nítorí pé gbogbo ohun tí àgbà ń sọ ni ọmọ ń gbọ́.

Ọdún 1969 ni wọ́n bí Moodysson. Ewì ló kọ́kọ́ tẹ̀ jáde, kó tó pé ọmọ ogún ọdún. Fíìmù gígùn rẹ̀ àkọ́kọ́, tí àwọn ará òkèèrè mọ̀ sí Show Me Love, jáde ní 1998. Ó dá lé Agnes àti Elin, ọmọbìnrin méjì tí wọ́n fẹ́ràn ara wọn ní ìlú kékeré kan tó sú Elin pátápátá. Bó ṣe parí rẹ̀ ni mo fẹ́ràn jù: Elin ń po ṣokoléètì mọ́ wàrà, ó ń ṣàlàyé pé òun máa ń bu ṣokoléètì púpọ̀ sí i, àti pé ẹ̀gbọ́n òun máa ń bínú bó bá tán. Kò sí ìwàásù kankan.

Lilja 4-ever ti 2002 le ju ohun tí mo lè tún wò lálẹ́. Ìyá Lilja gba Amẹ́ríkà lọ, ó fi í sílẹ̀; ọmọ náà sá tẹ̀lé mọ́tò títí ó fi ṣubú sínú ẹrẹ̀. Ẹ̀yìn ìyẹn ni wọ́n tàn án dé Swídìn fún òwò aṣẹ́wó. Ọ̀rọ̀ ọmọbìnrin Lituéníà kan tó kú ní Malmö ní ọdún 2000 ló bí ìtàn náà. Fíìmù méjì tó tẹ̀ lé e kò wọ̀ mí lára rárá, ṣùgbọ́n Mammut ti 2009 wọ̀ mí: Gloria, ọmọ Filipíìnì, ń tọ́jú ọmọ ọlọ́mọ ní New York, àwọn ọmọ tirẹ̀ sì ń retí rẹ̀ nílé. Àwọn èèyàn wa tó ń ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ní London kò nílò ògbufọ̀ fún ìyẹn.

Ẹ̀rín padà dé ní 2013 pẹ̀lú Vi är bäst!, nínú èyí tí ọmọbìnrin méjì dá ẹgbẹ́ olórin sílẹ̀ láìmọ orin í kọ dáadáa, kí wọ́n tó fa ẹnì kẹta tó mọ gìtá ta mọ́ra. Inú ìwé alámàwòrán tí Coco, ìyàwó Moodysson, ṣe ni ìtàn náà ti wá. Ní 2023 ó tún padà sí ilé àjọgbé yẹn nínú Tillsammans 99. Ọkà méjì péré ló kù nínú ìkòkò, Göran àti Klasse, ọ̀kan lára àwọn ará ilé àtijọ́, wọ́n sì ránṣẹ́ pe àwọn ọ̀rẹ́ àtijọ́ padà wá síbi ọjọ́ ìbí Göran.