Ẹnu Ọ̀nà ní Ìbàdàn, Ẹnu Ọ̀nà ní Tokyo

Ìbàdàn ni mo dàgbà sí, ṣùgbọ́n Tokyo ni mo ti ń tọ́ ọmọbìnrin mi. Ní agboolé wa, ọmọ aládùúgbò kì í dá ọjọ́ kí ó tó wá ṣeré. Bí ó bá bá wa nídìí oúnjẹ, ìyá mi á ní kí ó lọ fọwọ́ kí ó wá jókòó. Níhìn-ín, ọ̀sẹ̀ méjì ṣáájú ni ìyá ọ̀rẹ́ ọmọ mi ti bá mi dá ọjọ́ àti aago, nígbà tí ọmọ náà sì dé, ó bọ́ bàtà rẹ̀, ó kọ imú bàtà sí ìta, ó fi ọwọ́ méjèèjì gbé ìpápánu tí wọ́n dì dáadáa fún mi. Mo mọ rírì ìwà yìí, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé àárò agboolé máa ń sọ mí.

Nígbà tí ó kan àwa náà láti lọ sílé wọn, ọmọ mi kúnlẹ̀ kí ìyá àgbà ọ̀rẹ́ rẹ̀. Ìyá tí ó ti sún mọ́ àádọ́rùn-ún ọdún náà kúnlẹ̀ lórí ẹní tatami, ó sì forí balẹ̀ dá a lóhùn. Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ sáré gbé e dìde, nítorí pé nílé wa, àgbà kì í kúnlẹ̀ fún ọmọdé. Ní ti Jàpáànù, àlejò ni onílé ń bọ̀wọ̀ fún, ìbáà jẹ́ ọmọ kékeré.

Ọjọ́ náà ni ìyá àgbà sọ ìtàn ọ̀rẹ́ tirẹ̀ fún wa. Lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kejì tí ó parí ní 1945, àwọn ọmọ ogun Amẹ́ríkà kọ́ ilé fún ẹbí wọn sí Yoyogi, ní Tokyo níbí, wọ́n sì pè é ní Washington Heights. Fìríìjì àti koríko tútù wà nínú ọgbà náà; ní ìta, ànàmọ́ àti ọkà báálì ni àwọn ará ìlú fi ń kún ìrẹsì tí kò tó, mílíìkì lẹ́búlẹ́bú tí wọ́n ń fún wọn nílé-ìwé sì ń rùn débi pé dídi ni ìyá àgbà máa ń di imú kí ó tó mu ún. Àǹtí rẹ̀ ń ṣiṣẹ́ ọmọ-ọ̀dọ̀ nínú ọgbà náà, ibẹ̀ ni ó sì ti mọ ọmọbìnrin Amẹ́ríkà kan tí wọ́n jọ jẹ́ ẹgbẹ́. Wọn kò gbọ́ èdè ara wọn. Okùn tí wọ́n ń fi ìka ta ni wọ́n fi ń ṣeré. Ohun tí kò gbàgbé ni pé ọ̀rẹ́ rẹ̀ wọ bàtà wọ yàrá, nígbà tí òun dúró lẹ́nu ọ̀nà, bàtà lọ́wọ́, tí kò mọ ibi tí yóò gbé e sí. Nígbà tó yá, wọ́n gbé iṣẹ́ bàbá ọmọ náà lọ sí ibòmíràn, kò sì rí i mọ́.

Ilẹ̀ náà padà sọ́wọ́ Jàpáànù, àwọn eléré Òlíḿpíìkì 1964 gbé ibẹ̀, ó sì ti di Ọgbà Yoyogi báyìí, níbi tí ọmọ mi ti kọ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀ ní eré ten-ten. Ìyá àgbà ti sọ fún un pé kí ó máa yà sílé àwọn nígbàkígbà, kí ó má wulẹ̀ dá ọjọ́.