Kámẹ́rà tó ń lu ihò

Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ wo fíìmù kékeré kan tán ni: àwọn sójà Gẹ̀ẹ́sì ń wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sógun Gúúsù Áfíríkà ní 1899. Kò pé ìṣẹ́jú kan, síbẹ̀ ojú wọn hàn kedere.

Ìbú fíìmù ló fà á. Mìlímítà 68 ni ti ilé iṣẹ́ Biograph tó yà á, nígbà tí ọ̀pọ̀ àwọn yòókù ń lo 35. Mọ́tò oníná ló ń yí kámẹ́rà wọn, ó lè ya àwòrán 30 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan. Ṣùgbọ́n ó wúwo gan-an, tòun ti bátìrì rẹ̀. Òun ni W. K-L. Dickson, ayafíìmù Biograph, gbé wọ ọkọ̀ Dunottar Castle ní Southampton ní October 14, 1899, ọkọ̀ kan náà tó gbé Ọ̀gágun Buller, olórí àwọn sójà Gẹ̀ẹ́sì, lọ sógun náà. Lójú ogun, kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́ṣin ló ń rù ú.

Èyí tó wọ̀ mí lákínyẹmí ara jù ni pé fíìmù náà kì í ní ihò létí tẹ́lẹ̀. Kámẹ́rà fúnra rẹ̀ ló ń lu ihò sí i bó ṣe ń ya àwòrán, èérún rẹ̀ á sì máa já bọ́ sílẹ̀. Róólà ló ń fún fíìmù mọ́ra láti fà á, ó sì máa ń yọ̀, torí náà àlàfo àárín àwòrán kì í dọ́gba. Ẹni tó bá ń fi í han èrò gbọ́dọ̀ dúró tì í, kó máa tún un ṣe, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, àwòrán á sún kúrò láàyè rẹ̀.

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ta ló ti wo irú rẹ̀ rí? Ṣé ẹ rí bí àwọn sójà yẹn ṣe ń bojú wo kámẹ́rà?