Abẹ́rẹ́ Kan Kò Pa Iná Ara Màlúù Tán

Ẹ̀yin àbúrò mi tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ iṣẹ́ ìtọ́jú ẹran, gáà kan lójú ọ̀nà Ìlọrin sí Ògbómọ̀ṣọ́ ni ojú ti tì mí. Àwọn màlúù ń fara ha igi, irun ń re lọ́rùn wọn. Mo ní eégbọn ni. N kò tilẹ̀ ya irun wò. Mo gún wọn ní ivermectin, oògùn tó ń pa kòkòrò ara ẹran, lábẹ́ awọ, mílílítà 1 fún kílò 50, mo sì gbéra wálé bí akọni.

Kò ju ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lọ tí Bàbá tó ni agbo fi pè mí: "Dókítà, wọ́n ṣì ń ha ara o."

Ọ̀gá mi bá mi padà lọ. Ó fi ọwọ́ méjèèjì ya irun ẹ̀yìn abo màlúù kan nínú oòrùn. Iná ni mo rí: àwọn kòkòrò pupa rẹ́súrẹ́sú, olórí gbòòrò, kò sí eégbọn kan níbẹ̀. Ọ̀gá ní irú iná yìí kì í mu ẹ̀jẹ̀, èépá awọ ló ń jẹ. Inú ẹ̀jẹ̀ sì ni oògùn abẹ́rẹ́ mi wà, ibo ni wọ́n ti fẹ́ pàdé? Iná tó ń mu ẹ̀jẹ̀, tí orí rẹ̀ rí ṣóńṣó, ni abẹ́rẹ́ ń pa dáadáa. Ti èyí, oògùn tí wọ́n ń dà sẹ́yìn ẹran láti èjìká dé ìdí ìrù ló bá a mu.

Ẹyin wọn tún ńkọ́? Ó lẹ̀ mọ́ irun pinpin, oògùn kì í sábà ràn án, ẹyin náà sì ń di ọmọ iná láàárín ọ̀sẹ̀ kan sí méjì. Ẹ padà lọ tún oògùn náà dà lọ́jọ́ kẹrìnlá. Gbogbo agbo lẹ ó ṣe pọ̀ lọ́jọ́ kan náà, títí kan ọmọ màlúù tí wọ́n so sẹ́yìn ilé, àti èyí tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ rà lọ́jà. (Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni dáná sun gáà nítorí iná: bó bá kúrò lára ẹran, ọjọ́ díẹ̀ ló kù fún un. Kì í sì í gbé ara ènìyàn.)

Èyí tó dùn mí jù kò kan iná rárá. Ìyàwó Bàbá bi mí bóyá wàrà àwọn màlúù tí mo gún ṣì dára fún títà. Ara páálí oògùn ni wọ́n kọ ọ́ sí pé kò yẹ fún màlúù tí wọ́n ń fún wàrà rẹ̀ fún ènìyàn. Mo ti gún wọn. Wàrà ni owó ọbẹ̀ Ìyá yìí, ó sì ti ń tà á láti ọjọ́ tí mo ti lọ. N kò rí èsì fọ̀.

Ní báyìí, kí n tó ṣí àpò oògùn, ọ̀dọ̀ àwọn obìnrin ni mo kọ́kọ́ ń lọ: "Ìyá, ẹ jọ̀ọ́, màlúù wo lẹ ń fún wàrà rẹ̀?"