Ẹran ojúgun àti slow cooker mi

Kí n tó jáde lọ síbi iṣẹ́ láàárọ̀, oúnjẹ alẹ́ ti wà nínú slow cooker, ìkòkò oníná mànàmáná tó ń rọra se oúnjẹ fún ọ̀pọ̀ wákàtí. Ẹran ojúgun màlúù kílò 1, àlùbọ́sà ńlá 2, ata rodo 1, iyọ̀. Ó tán! Omi ìdajì ife ti tó, torí ẹran fúnra rẹ̀ á tu omi. Iná kékeré, wákàtí 8.

Ẹ má ra ẹran tí kò níṣan o. Iṣan yẹn ló ń yọ́ díẹ̀díẹ̀ tí ọbẹ̀ fi ń ki. Ẹran tó ti rọ̀ tẹ́lẹ̀ á kàn gbẹ ni. Ẹ má sì ṣí ìdérí wò, ooru á sá lọ.

Ẹ̀gbọ́n mi ní, "Láìsí Maggi? Irú ọbẹ̀ wo nìyẹn?" Wọ́n fi jẹ ìrẹsì, wọ́n tún bù sí i.