Éà inú kílọ́ọ̀ṣì, èmi pẹ̀lú Ìyá Ìbejì

Sátidé. Láti àárọ̀ ni wọ́n ti mú iná lọ, jẹnẹrétọ̀ ilé tó kọjú sí wa ń pariwo, àmọ́ kò dà mí láàmú lónìí torí jíà Corolla mi ti ń wọlé wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, rìfáàsì pàápàá tó ti ya alágídí láti bí ọ̀sẹ̀ mélòó kan ti gbọ́ràn. Ẹni tó bá ń wa mánúà ló máa mọ ohun tí mò ń sọ. Ẹ tẹ pẹ́dà kílọ́ọ̀ṣì (òun ló ń já ẹ́ńjìnnì kúrò lára jíàbọ́ọ̀sì kí jíà lè wọlé) títí dé kápẹ́ẹ̀tì, ẹ fẹ́ ki jíà, ó ní "kẹ̀rẹ̀rẹ̀rẹ̀", gbogbo ẹni tó wà ní bọ́sítọ́ọ̀bù á yíjú wò yín. Tí go-slow Ìwó Road bá wá mú yín lọ́sàn-án gangan, tí ẹ̀ ń tẹ̀ ẹ́ tí ẹ̀ ń fi í sílẹ̀, ẹ̀ ń tẹ̀ ẹ́ tí ẹ̀ ń fi í sílẹ̀, pẹ́dà yẹn á kàn máa rọ̀ sí i ni, títí tí jíà àkọ́kọ́ ò fi ní wọlé mọ́ àfi tí ẹ bá pa ẹ́ńjìnnì, ẹ ki jíà, kí ẹ tó tún un tan.

Mẹkáníìkì tí mo kọ́kọ́ gbé e lọ bá ò tiẹ̀ ṣí bónẹ́ẹ̀tì. Ó jókòó, ó tẹ pẹ́dà lẹ́ẹ̀mejì, ó ní ọ̀gá, kílọ́ọ̀ṣì yín ti jẹ tán, ẹ lọ wá owó díìsìkì àti pírẹ́ṣà pílétì, a máa sọ jíàbọ́ọ̀sì kalẹ̀. Mo ní kò burú, mo ń bọ̀. Mo wakọ̀ mi lọ. Kílọ́ọ̀ṣì tó bá jẹ tán, yíyọ̀ ló máa ń yọ̀: ẹ̀ ń tẹná, ẹ́ńjìnnì ń ké, ọkọ̀ ò rìn tó bó ṣe ń ké, pàápàá tí ẹ bá ń gun òkè Mọ́kọ́lá, òórùn jíjóná á sì wọlé wá bá yín. Tèmi ò yọ̀ rárá, ó ń fa ọkọ̀ dáadáa. Kì í já ni, ìyẹn ni pé mo tẹ̀ ẹ́ délẹ̀ tán, ẹ́ńjìnnì àti jíàbọ́ọ̀sì ṣì di ara wọn mú. Àìsàn méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni. Ohun tó tún jẹ́ kó dá mi lójú ni pé tí mo bá tẹ pẹ́dà léraléra kíákíá, jíà máa ń wọlé. Díìsìkì tó ti jẹ ò lè tìtorí pé mo tẹ pẹ́dà léraléra kó wá nípọn padà, àbí? Ọ̀rọ̀ ọ́ìlì ni.

Àwọn Máíkírà tó kún ìgboro Ìbàdàn yìí, K11 yẹn, wáyà ló ń fa kílọ́ọ̀ṣì tiwọn, Golf 3 tí a mọ̀ náà bẹ́ẹ̀. Tó bá tú, wọ́n á fún un, tó bá já, wọ́n á pààrọ̀ ẹ̀, ó parí. Mo rò pé ìdí nìyẹn tí ọ̀pọ̀ mẹkáníìkì àdúgbò wa fi ń sáré lọ sórí díìsìkì, torí wáyà ló mọ́ wọn lọ́wọ́. Golf 4 àti Corolla tèmi, ọ́ìlì ló ń ṣiṣẹ́ wáyà. Ẹsẹ̀ á ti písítìn inú ọ́pà, ìyẹn pọ́ńpù òkè tó wà lẹ́yìn pẹ́dà, ọ́ìlì á gba páìpù irin, á gba ràbà, á dé lówà, ìyẹn pọ́ńpù ìsàlẹ̀ tó wà lára jíàbọ́ọ̀sì, lówà á ti fọ́ọ̀kì, fọ́ọ̀kì á ti bíárìn, kílọ́ọ̀ṣì á já. Bíréèkì ọ́ìlì lásán ni ọ́ìlì yẹn o, kò sí ọ́ìlì kílọ́ọ̀ṣì kan lọ́tọ̀.

Àwọn ìbejì wà ní SS2, wọ́n ti ṣe é ní físíìsì, wọ́n ya àwòrán ẹ̀ sínú nóòtù: Pascal, ọmọ Faransé tó ti kú láti 1662, ló sọ pé tí a bá ti ọ́ìlì tí a dé mọ́ inú nǹkan, agbára yẹn á lọ ká gbogbo ibẹ̀ láìdínkù. Mo pe àwọn méjèèjì wá síwájú bónẹ́ẹ̀tì, mo ní ẹ wá wo Pascal yín. Ọ́ìlì kì í gbà kí wọ́n fún òun mọ́ra. Éà ń gbà. Tí éà bá wà láàárín, ẹsẹ̀ á kàn máa fún éà pọ̀ ni, lówà ò ní gbọ́ nǹkan kan, pẹ́dà á wá rọ̀ bí ìgbà téèyàn ń tẹ búrẹ́dì Agége. Ọ́ìlì tó sì ń rìn nígbà tí a bá tẹ pẹ́dà lẹ́ẹ̀kan ò pọ̀ rárá, kò ju ṣíbí tíì kan tàbí kó lé díẹ̀. Nínú ìwọ̀n kékeré yẹn, éà tín-ín-rín ti tó ba gbogbo ẹ̀ jẹ́.

Ibo wá ni éà gbà wọlé? Lówà ni. Mo yọ ilé fílítà éà, lówà Corolla wà níwájú jíàbọ́ọ̀sì, èèyàn ò tiẹ̀ ní láti wọ abẹ́ ọkọ̀. Mo ká ràbà tó bo ẹnu ẹ̀ kúrò díẹ̀, ọ́ìlì dúdú kán sí mi lọ́wọ́. Ràbà inú ẹ̀ ti jẹ, ọ́ìlì ń jáde, éà ń wọlé. Mo lọ sí Ararọ̀mí, ọjà ẹ̀yà ọkọ̀ ní Gate, lọ ra tuntun. Ẹni tó tà á fún mi kọ́kọ́ gbé tòkunbọ̀ kan síwájú mi, ó ní ojúlówó ni, Japan gangan. Ràbà tó ti wà lórí ẹ́ńjìnnì ẹlòmíràn fún ọdún tí mi ò mọ̀, kí ni mo fẹ́ fi ṣe? Àwọn nǹkan kan wà tí tòkunbọ̀ dára jù, ọ̀rọ̀ ràbà ò sí níbẹ̀. Mo ra tuntun, mo ra ike bíréèkì ọ́ìlì DOT 3 kan torí ohun tí wọ́n kọ sórí ìdérí ike ọ́ìlì ọkọ̀ mi nìyẹn. DOT 4 ò ní pa á lára, DOT 5 ni kí ẹ sá fún, sìlíkóònù ni ìyẹn, kò bá àwọn yòókù mu. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tẹ̀lé àwọn tó ń da ọ́ìlì ẹ́ńjìnnì tàbí ọ́ìlì síárìn sí i torí pé bíréèkì ọ́ìlì tán lójú ọ̀nà. Gbogbo ràbà inú ẹ̀ ló máa wú, ẹ ó sì ra ọ́pà, ẹ ó ra lówà, tó bá jẹ́ èyí tó ń bá bíréèkì lo ike ọ́ìlì kan náà ńkọ́? Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́.

Ó dáa. Fífi lówà sí i ò le, nọ́ọ̀tì méjì àti páìpù kan ni. Ẹ ṣáà má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tẹ pẹ́dà nígbà tí lówà bá ti kúrò lára jíàbọ́ọ̀sì, písítìn ẹ̀ á fò jáde. Éà yíyọ niṣẹ́. Mo wá ràbà lẹ́fẹ́ẹ̀lì tí àwọn bíríkìlà fi ń wọn ilẹ̀, èyí tó tín-ín-rín jù, torí ó mọ́ gaara, èèyàn á rí éà tó bá ń kọjá nínú ẹ̀. Mo ki ẹnu kan mọ́ nípùlù lówà, ẹnu kékeré tí wọ́n ń tú kí éà lè jáde, mo ki ẹnu kejì sínú ike omi tí mo ti bu ọ́ìlì díẹ̀ sí, kí ẹnu ràbà rì mọ́ inú ọ́ìlì, kó má baà fa éà mìíràn wọlé. Sípánà rìngì ni mo lò, kì í ṣe èyí tó lanu, torí nípùlù máa ń tètè bó (ọkọ̀ míì á gba 8, òmíì 10, òmíì 11).

Ìyá Ìbejì ló jókòó sídìí pẹ́dà. Bónẹ́ẹ̀tì tó wà lókè ò jẹ́ ká rí ojú ara wa, ohùn nìkan la fi ń ṣiṣẹ́.

"Tẹ̀ ẹ́ wálẹ̀, díẹ̀díẹ̀. Díẹ̀díẹ̀ ni mo wí o."

"Ó ti délẹ̀."

"Má gbé ẹsẹ̀ o."

Mo tú nípùlù díẹ̀, ràbà gbọ̀n, éà jáde bùlùbùlù sínú ike, mo dé e padà. "Óyá, fi sílẹ̀."

"Bàbá Ìbejì, kò gòkè o! Ó sùn sílẹ̀ síbẹ̀."

"Fi ọwọ́ fà á."

"Ẹ ní kí n fi ọwọ́ fà á? Ṣé ẹ rí aṣọ tí mo wọ̀?"

Bó ṣe máa ń ṣe nìyẹn, tí éà bá wà nínú ẹ̀, kò ní agbára tó máa ti pẹ́dà padà sókè, ọwọ́ lèèyàn á fi gbé e. Ohun tí mo ń bá a sọ jù ni pé kó má gbé ẹsẹ̀ tàbí fa pẹ́dà kí n tó dé nípùlù, torí tó bá ṣí sílẹ̀ nígbà tí pẹ́dà ń gòkè, gbogbo éà tí a ti lé jáde á tún fà wọlé. Táíwò ń da ọ́ìlì sínú ike òkè, èyí tó ń bu ọ́ìlì fún ọ́pà, torí ike kílọ́ọ̀ṣì yẹn kéré, kì í pẹ́ gbẹ, tó bá sì gbẹ pẹ́nrẹ́n, ẹ bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Kẹ́hìndé di ike ìsàlẹ̀ mú, ó sì yan ara ẹ̀ ní rẹfirí, "éà ti jáde", "éà kékeré ni", "kò sí éà", "ó tún ti dé o".

Àwọn ọmọ iṣẹ́ ní mẹkáníìkì, wọ́n fẹ́ràn kí wọ́n máa pariwo "Pọ́ńpù! Pọ́ńpù! Pọ́ńpù! Mú un!" Mi ò gbà pẹ̀lú wọn. Tí ẹ bá ń pọ́ńpù ẹ̀ tagbára-tagbára, ńṣe lẹ̀ ń po éà mọ́ ọ́ìlì, éà á fọ́ sí wẹ́wẹ́, á di fóòmù, fóòmù yẹn ló sì máa ń pẹ́ jù kó tó jáde. Ariwo yẹn jọ iṣẹ́ lójú oníbàárà, ká sọ òótọ́. Ẹ tẹ̀ ẹ́ jẹ́jẹ́, ẹ fi í sílẹ̀ jẹ́jẹ́, kí éà kó ara ẹ̀ jọ.

A ṣe é títí, éà dínkù, ṣùgbọ́n pẹ́dà ṣì rọ̀ lókè, ó máa wálẹ̀ dé ìdajì kó tó le. Ohun tí mo sì fẹ́ràn jù nínú iṣẹ́ òní ló kàn yìí. Kò sí bí a ṣe máa ṣe ebòlò tí ò ní rùn ìgbẹ́. Inú ọ́ìlì tí éà bá wà, òkè ló ń wá. Ọ́pà ló wà lókè, lówà ló wà nísàlẹ̀, àwa wá ń fi pẹ́dà lé éà lọ sísàlẹ̀, òun náà ń fẹ́ padà sókè, a sì ń bára wa fà á nínú páìpù tó rí kọ́lọkọ̀lọ. Kí ló dé tí a ò bá a lọ síbi tó ń lọ? Mo rán Táíwò sí kẹ́místì pé kó ra síríǹjì ńlá, èyí tí wọ́n fi ń fún aláìsàn lóúnjẹ. Mo fa ọ́ìlì inú ike òkè kúrò títí tó fi kù díẹ̀, kó má baà kún àkúnwọ́sílẹ̀. Mo fa ọ́ìlì tuntun sínú síríǹjì, mo ti éà inú ràbà jáde kí n tó kì í mọ́ nípùlù, mo tú nípùlù, mo wá ń tì í láti ìsàlẹ̀ lọ sókè, jẹ́jẹ́jẹ́. Ìyá Ìbejì ti sọ̀ kalẹ̀, òun ló ń wo ike òkè.

Ó ní kò sí nǹkan kan. Ó ní kò sí nǹkan kan. Ó wá pariwo, "Hẹ́ẹ̀n! Ó ń hó! Ó ń hó!"

Éà ló ń yọ lójú ọ́ìlì, ńlá kan, kéékèèké tẹ̀ lé e. Ọ́ìlì àtijọ́ náà bá a gòkè wá, dúdú kirikiri. Ọ́ìlì yìí máa ń fa omi láti inú atẹ́gùn, Ìbàdàn yìí nígbà òjò kò sì gbẹ rí. Ìlànà DOT 3 ni pé tuntun ò gbọdọ̀ hó kó tó dé 205°C, èyí tó bá ti mu omi, ó lè já bọ́ sí 140°C. Ẹni tí tiẹ̀ bá ti dúdú, kó dà á nù kó bu tuntun, kó má dúró dìgbà tí nǹkan kan bá bàjẹ́. Síríǹjì yẹn náà ò ní pẹ́ láyé o, ràbà ìdí ẹ̀ ti ń le kí n tó parí.

Mo dé nípùlù, Ìyá Ìbejì padà sídìí pẹ́dà, ó tẹ̀ ẹ́. Ó dákẹ́ díẹ̀, ó ní, "Èyí ti le." Mo ní kó tún tẹ̀ ẹ́, mo fi ojú sí ọ̀pá lówà, mo rí i tó yọ jáde gúnmọ́ tó sì padà. A ṣì fi pẹ́dà yọ díẹ̀ sí i fún ìdánilójú, kò sí éà kankan mọ́ nínú ràbà. Mo wà á láti Àkóbọ̀ dé General Gas dé Baṣọ̀run, mo mọ̀ọ́mọ̀ wọ go-slow, mo ki rìfáàsì ní iwájú àwọn èèyàn. Kò ké.

Ibi tí ọ́ìlì ta sí lára ọkọ̀, omi púpọ̀ ni mo dà sí i lójú ẹsẹ̀, torí ó ń jẹ kíkùn, ẹ má kàn fi rágì nù ún. Èyí tó kù nínú ike omi, mo ti kọ "MÁ MU" sí i lára gàdàgbà, mo gbé e sókè níbi tí ọwọ́ ọmọdé ò lè dé títí màá fi rí ẹni tó ń gba ọ́ìlì àlòkù.

Ohun kan ṣì wà tí mò ń ṣọ́. Nígbà tí mo ki orí sábẹ́ dáṣíbọ́ọ̀dù, ibi tí ọ̀pá pẹ́dà ti wọ inú ọ́pà ní ọ̀rinrin díẹ̀. Ọ̀pọ̀ kì í wo ibẹ̀, ọ́pà á máa jò wọ inú ọkọ̀, kápẹ́ẹ̀tì á mu ún, wọ́n á máa wá ibi tí ọ́ìlì ń lọ lábẹ́ ẹ́ńjìnnì. Mo ti nù ún gbẹ, mo fi tíṣù wé e. Tó bá di Ọjọ́rú tí tíṣù yẹn bá ti rin, ọ́pà náà fẹ́ gba kíìtì, ìyẹn ràbà inú ẹ̀ tuntun, Ìyá Ìbejì sì ti sọ pé kí n tó lọ rà á, kí n kọ́kọ́ wá ẹni tó máa bá mi jókòó sídìí pẹ́dà.