Ọdún 2025 lórí tábìlì iṣẹ́ mi n'Íjẹ̀bú-Òde

Ọdún ti ń parí lọ, ẹ jẹ́ n sọ bó ṣe rí fún mi. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń tẹ̀lé mi, díórámà niṣẹ́ mi, màá mú odidi ibì kan, ṣọ́ọ̀bù ni o, àgbàlá ni o, màá kọ́ ọ ní kékeré tòun ti gbogbo ohun tó wà nínú ẹ̀. Sáìsì 1:12 ni mo máa ń lò jù, ẹsẹ̀ bàtà kan á di ínṣì kan.

Èyí tí mo fẹ́ràn jù lọ́dún yìí ni ibùdó tí wọ́n ti ń yan gààrí. Gbogbo ayé ló mọ gààrí Ìjẹ̀bú, ó kan, ó kúnná, àmọ́ ṣé ẹ ti jókòó ti àwọn ìyá tó ń yan án rí? Mo lọ jókòó tì wọ́n, mo rí bí ẹ̀gẹ́ tí wọ́n rin ṣe ń pẹ́ nínú àpò kó lè kan, bí wọ́n ṣe ń fi jáàkì fún omi ẹ̀, tí wọ́n á jọ̀ ọ́ kó tó dénú agbada. Èéfín ara ògiri ló gbà mí lákòókò jù. Tẹ́ ẹ bá kàn kun ọ̀dà dúdú, ọ̀dà náà lá jọ. Èéfín gidi máa ń ṣú lókè àdògán, á wá máa pọ́n bó ṣe ń jìnnà síná, nítorí náà èédú ni mo lọ̀, mo ń fi búrọ́ọ̀ṣì gbígbẹ tẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri díẹ̀díẹ̀. Páànù òrùlé, agolo mílíìkì ni, mo fi sanpépà há a kí fínígà àti iyọ̀ lè mú un dípẹtà. Gààrí gidi ò ṣeé lò níbẹ̀, hóró ẹ̀ ti tóbi jù, lẹ́búlẹ́bú igi ni mo jọ̀.

Ìyá kan nínú wọn wá wò ó, wọ́n wò ó títí, wọ́n ní, "Àkúfọ́ igbá mi dà?" Ìyẹn tí wọ́n fi ń ro gààrí o. Ó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ agbada, èèpo ẹ̀pà ni mo fi gbẹ́ ẹ, bí mo ṣe fi hàn wọ́n báyìí, wọ́n ti lọ pe àwọn yòókù wá. Frances Glessner Lee, obìnrin Amẹ́ríkà tó kọ́ yàrá kéékèèké fáwọn ọlọ́pàá láàárín àwọn ọdún 1940 kí wọ́n lè kọ́ bí wọ́n ṣe ń wo ibi tí wọ́n ti bá òkú, 1:12 lòun náà lò, ohun kékeré bẹ́ẹ̀ gan-an ló ń fẹ́ kí wọ́n rí.

Iṣẹ́ Ojúde Ọba wọlé dáadáa, pàápàá lẹ́yìn tí Kábíyèsí Adétọ̀nà wàjà lọ́jọ́ 13 oṣù Keje, nítorí àwọn èèyàn ń fẹ́ ohun ìrántí. Ẹṣin ló sanwó ilé, mo dúpẹ́. Ṣùgbọ́n kámẹ́rà tó ń ya Ojúde Ọba ò lóǹkà, ta ló ń ya ibùdó gààrí? Ẹ̀rọ ti ń gba ibẹ̀, àdògán alámọ̀ ń lọ, ó sì ń dùn mí gan-an.

Lọ́dún 2026, ilé obì ní Ṣágámù ló kàn, tòun ti apẹ̀rẹ̀ tí wọ́n tẹ́wé sí. Ẹni tó bá ní ìyá tàbí bàbá tó ń ṣòwò obì níbẹ̀, tó máa jẹ́ kí n wá fi rúlà wọn nǹkan, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi mẹ́sẹ́èjì ránṣẹ́ sí mi.