Lítà mélòó ló ń jáde ní ìṣẹ́jú kan?

A ṣẹ̀ṣẹ̀ wọn omi tó ń jáde nísàlẹ̀ táǹkì róbótó kan tán ni. Ìdajì ìbú rẹ̀ jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 50; omi fi sẹ̀ǹtímítà 2 lọ sílẹ̀ láàárín ìṣẹ́jú kan. 50 lọ́nà 50 jẹ́ 2,500, lọ́nà 3.14 (páì, iye tí a fi ń ṣírò òbìrí), ó di 7,850. Lọ́nà 2, ó di 15,700. Ẹ pín in sí ọ̀nà 1,000 kó lè di lítà: lítà 15.7 nìyẹn. Ẹni tó bá lo gbogbo ìbú, 100, ìlọ́po 4 ni yóò rí.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi ìṣẹ́jú kan yìí ṣírò ìgbà tí táǹkì máa gbẹ o! Bí omi ṣe ń lọ sílẹ̀ ni agbára tó ń tì í jáde ń dínkù. Ẹ máa wọ̀n ọ́n léraléra. Bí táǹkì bá rí bí àrọ, ìbú ojú omi pàápàá ń yí padà, ẹ tún un wọ̀n.